Àpótí Irun Ẹṣin

Èmi ni mo ń gbé àpótí náà.
Kí n tó mọ orúkọ ohun tó wà nínú rẹ̀
ni mo ti mọ bó ṣe wúwo tó lórí òkè Ìgbẹ̀in,
láàárọ̀, tí ìrì ṣì wà lára àpáta,
tí Lọ́yà Jòsáyà Ṣótúndé ń rìn níwájú
bí ẹni tí ilẹ̀ jẹ ní gbèsè.

Irun ẹṣin ni. Ó funfun bí òwú tí òjò ti pa.
Ìyá rẹ̀ ta oko obì l'Ọ́bafẹ́mi
kí irun náà tó dé orí ọmọ.
Ọjọ́ tí rélùwéè já a sílẹ̀ ní Láfẹ́ńwá,
ìyá ṣí àpótí, ó wò ó títí, ó ní:
"Jòsáyà, oko obì mi rèé?"
Agboolé bú sẹ́rìn-ín.
Òun náà rẹ́rìn-ín, kò kàn gbójú sókè ni.

Ẹjọ́ àkọ́kọ́ tí mo gbọ́ lẹ́nu rẹ̀
ni ti Ọdẹ́jayé, adẹ́mu ará Ìbarà.
Wọ́n ní kò san owó-orí.
Igbà tó fi ń gun ọ̀pẹ
ni wọ́n fi dè é mọ́ òpó ilé ẹjọ́.
Lọ́yà kò pariwo. Ó fa ìwé pélébé kan yọ
tí ẹmu ti rin, tó ń rùn kíkan,
ó tẹ́ ẹ síwájú ajẹ́lẹ̀:
"Ṣílè mẹ́fà. Oṣù Ẹrẹ́nà. Ẹ kà á fún wa sókè."
Ajẹ́lẹ̀ kà á. Etí rẹ̀ pọ́n.
Lálẹ́ ọjọ́ náà Ọdẹ́jayé gbé akèrègbè wá,
lọ́yà tó ní inú òun kò gba ẹmu mọ́ láti Lọ́ńdọ̀nù
fi eyín sẹ́ oyin inú rẹ̀, ó mu ún dé gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀.

Òṣèlú kò wọlé tọ̀ ọ́ fúnra rẹ̀.
Àwa la lọ kan ilẹ̀kùn.
A ní ẹni tó mọ òfin ni kó lọ ṣòfin.
Èmi gan-an ni mo kun àtùpà sára ògiri
láti Kútọ̀ dé Ìtòkú;
ọ̀dà kò kúrò léèékánná mi fún oṣù méjì.
Ó wọlé. A jó títí ẹsẹ̀ wa fi bó.

Mọ́tò dúdú ló ń gbé e bọ̀ láti Ìbàdàn
ní gbogbo Sátidé.
Àpótí ti wà lórí àjà, níbi tí eku ń bí sí.

Ọdún kẹta, owó-orí gòkè.
Èmi ni mo tẹ ìwé náà, ẹ̀dà mẹ́fà.
Nísàlẹ̀, orúkọ tí mo mọ̀ bí ẹni mowó,
pẹ̀lú ìrù gígùn tó máa ń fà sídìí rẹ̀.

Àárọ̀ mẹ́ta ni Ọdẹ́jayé fi dúró lẹ́nu géètì.
Ọlọ́dẹ ní Bàbá ń sùn.
Lọ́jọ́ kẹta ó so igbà rẹ̀ kọ́ irin géètì,
ó bá tirẹ̀ lọ.
Lọ́yà jáde, ó rí i.
Kò ní ká tú u. Kò ní ká fi í sílẹ̀.
Mọ́tò náà kò jáde lọ́jọ́ yẹn.

Mi ò ní bú u.
Ẹnu tó tú okùn àti ọwọ́ tó ta kókó,
inú ara kan ni wọ́n jọ ń gbé,
wọn ò kàn í kíra wọn ni.

Lẹ́yìn ìsìnkú, wọ́n pín mọ́tò, wọ́n pín aago ògiri,
wọ́n jà sí ìwé òfin tí ẹnì kan ò lè kà.
Kò sẹ́ni tó bèèrè àpótí.
Mo gùn ún lọ sí àjà, mo gbé e:
ó wúwo ju bí mo ṣe rántí.
Eku ti jẹ irun ẹṣin tán.
Igbà ọ̀pẹ ló wà níbẹ̀, ó ká jọ bí ejò tó sùn.

Mo ti rù ú. Mo ń sọ̀kalẹ̀ Ìgbẹ̀in lọ sí Ìbarà,
mo ń wá ọmọ Ọdẹ́jayé.
Mi ò tíì mọ ohun tí n ó wí.